Kásẹ́ẹ̀tì mẹ́rin, bátìrì mẹ́ta: bí mo ṣe tún Pokémon ẹ̀gbọ́n mi ṣe

Sátidé àkọ́kọ́

Abẹ́rẹ́ ni mò ń wá nínú agolo bisikíìtì Màmá ní Peckham, kásẹ́ẹ̀tì géèmù ni mo bá. Mẹ́rin ni wọ́n: Pokémon Red, Silver, Sapphire àti FireRed, àwọn géèmù tí a ti ń mú ẹran àfinúrò, tí a sì ń fi wọ́n jà. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ló ni gbogbo wọn. Nígbà tí a wà ní kékeré, èmi kò ju òǹwòran lọ. Ẹ̀yìn èjìká rẹ̀ ni mo ti wo gbogbo ìjà tó jà nínú géèmù wọ̀nyí. Bí mo bá na ọwọ́ sí bọ́tìnnì kan pẹ́nrẹ́n, ìfọ́tí ni.

Mo ní Game Boy Advance SP kan nílé, ẹ̀rọ géèmù alágbèéká ti Nintendo. Ó ń gba kásẹ́ẹ̀tì Game Boy àtijọ́, ó sì ń gba ti Advance, nítorí náà mo kì wọ́n bọ̀ ọ́ lọ́kọ̀ọ̀kan. Red ṣí, CONTINUE sì wà lókè, ìyẹn ni pé ibi tí ẹ̀gbọ́n mi bá géèmù dé ṣì wà nípamọ́: orúkọ ẹ̀gbọ́n mi, báàjì 8, wákàtí 61. Àyè lẹ́tà 7 péré ni géèmù náà fi sílẹ̀ fún orúkọ, lẹ́tà 10 sì ni ti ẹ̀gbọ́n mi, ló bá gé e. Láìsí àmì ohùn, láìsí àmì ìsàlẹ̀, orúkọ tí bàbá wa fi odidi ọjọ́ mẹ́jọ rò di ọ̀rọ̀ tí kò ní ìtumọ̀ kankan. Silver ṣí, NEW GAME ló gbé síwájú mi: ìpamọ́ rẹ̀ ti parẹ́. Sapphire ní bátìrì inú òun ti gbẹ, pé mo lè máa gbá géèmù lọ ṣùgbọ́n ohunkóhun tó bá rọ̀ mọ́ aago kò ní ṣẹlẹ̀ mọ́. Ohun tí ẹ̀gbọ́n mi pamọ́ síbẹ̀ ṣì wà digbí. FireRed kò ráhùn rárá.

Ohun tó rú mi lójú nìyí. Ọjọ́ 5 oṣù Kẹwàá 1999 ni Red dé Yúróòpù. Ọjọ́ 6 oṣù Kẹrin 2001 ni Silver dé. Bátìrì ló ń tọ́jú ìpamọ́ àwọn méjèèjì. Báwo ni àgbà ṣe wá yè, tí àbúrò kú?

Mo pe ẹ̀gbọ́n mi ní Manchester.

"Àǹtí mi, ẹ kú ìrọ̀lẹ́ o. Mo rí àwọn Pokémon yín."

"Níbo? Red mi ńkọ́? Charizard mi ṣì wà níbẹ̀?"

"Ó wà níbẹ̀. Silver ni kò sí mọ́."

Ó dákẹ́ díẹ̀. "Ta ló ní kí o tàn án?"

"Títàn kọ́ ló pa á, Àǹtí mi. Ó ti kú tipẹ́."

"Ìwọ ṣáà tún un ṣe. Má sì fọwọ́ kan Red mi o."

A ó fọwọ́ kàn án. Bátìrì tó ti lò ju ogún ọdún lọ, ọjọ́ kan péré ló kù fún un, kò sì sí ẹni tó mọ ọjọ́ náà.

Ọjọ́ Àìkú: mo kàwé kí n tó tú nǹkan

Nínú Red, RAM 32 KB ni ìpamọ́ wà, irú èyí tó máa ń gbàgbé gbogbo ohun tó mọ̀ bí iná bá ti kúrò lára rẹ̀. Bí a bá pa Game Boy, bátìrì pẹlẹbẹ kan tó wà nínú kásẹ́ẹ̀tì á bẹ̀rẹ̀ sí í bu iná fún un ní ìkán-ìkán. Iṣẹ́ kan ṣoṣo tí bátìrì yẹn ní nìyẹn, RAM náà kì í sì í jẹun púpọ̀.

Iṣẹ́ méjì ni ti Silver. Gold àti Silver ni wọ́n ti kọ́kọ́ fi aago sí i. Ilẹ̀ ń ṣú nínú géèmù bó ṣe ń ṣú níta. Ìdíje kòkòrò mímú kì í wáyé àfi ní Ọjọ́ Ìṣẹ́gun, Ọjọ́bọ̀ àti Sátidé. Lapras kì í yọ nínú Union Cave àfi ní ọjọ́ Ẹtì. Aago tó máa ṣe irú èyí kò gbọdọ̀ dúró nígbà tí ọmọ bá pa ẹ̀rọ tó lọ sùn. Nítorí náà kírísítà kékeré kan wà lórí bọ́ọ̀dù Silver tó ń gbọ̀n ní ìgbà 32,768 láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan, tọ̀sán tòru, yálà ẹnì kan ń gbá géèmù náà tàbí ó wà nínú agolo bisikíìtì. Bátìrì tó ń bọ́ RAM náà ló ń bọ́ ọ. Bátìrì Silver tóbi ju ti Red lọ, ṣùgbọ́n ẹni tó ń bọ́ ẹnu méjì, àpò rẹ̀ á kọ́kọ́ gbẹ.

Bẹ́ẹ̀ ni mo ṣe rí i pé bí èèyàn bá fẹ́ mọ bí Pokémon ṣe ń jáde láti ọdún dé ọdún, kó kàn bi kásẹ́ẹ̀tì kọ̀ọ̀kan pé: kí ni bátìrì ń ṣe nínú rẹ? Ọ̀nà tí mo gbà kà á nìyẹn.

Satoshi Tajiri, tó dá Game Freak, ilé iṣẹ́ tó ṣe Pokémon, sílẹ̀, jẹ́ ọmọ tó ń ṣọdẹ kòkòrò ní Machida, lẹ́bàá Tokyo. Nígbà tó rí wáyà tó ń so Game Boy méjì pọ̀, kòkòrò tó ń rìn lórí wáyà láti inú ẹ̀rọ kan bọ́ sínú èkejì ni ọkàn rẹ̀ rí. Nǹkan bí ọdún 6 ni iṣẹ́ náà gbà wọ́n. Red àti Green jáde ní Jàpáànù ní ọjọ́ 27 oṣù Kejì 1996, nígbà tí Game Boy fúnra rẹ̀ ti ń lọ sí ọdún 7 lórí àtẹ. Wọ́n mọ̀ọ́mọ̀ pín ẹran inú rẹ̀ sí ẹ̀dà méjì ni: Ekans àti Growlithe wà nínú Red wa, Vulpix àti Meowth kò sí níbẹ̀. Ẹni tó bá fẹ́ 150 pé, àfi kó wá ọ̀rẹ́, kó wá wáyà. Ẹran kọkànléláàádọ́jọ (151), Mew, kò yẹ kó wà rárá. Nígbà tí iṣẹ́ ń parí lọ, tí wọ́n yọ irinṣẹ́ tí wọ́n fi ń wá àṣìṣe kúrò, àyè bíi 300 byte ṣẹ́ kù (byte kan kò ju àyè lẹ́tà kan lọ). Shigeki Morimoto rọra ki Mew bọ̀ ọ́. Àyè 300 byte kò tó gba lẹ́tà tí mo kọ sí ẹ̀gbọ́n mi lórí WhatsApp láàárọ̀ yìí.

Blue tẹ̀lé e ní oṣù Kẹwàá ọdún kan náà, fún àwọn tó ń ka ìwé ìròyìn CoroCoro Comic ní àkọ́kọ́, pẹ̀lú àwòrán tó gún régé sí i àti àwọn àṣìṣe tí wọ́n ti tún ṣe. Inú Blue yẹn ni wọ́n ti ṣe ẹ̀dà òyìnbó, ìyẹn Red àti Blue tó dé Amẹ́ríkà ní ọjọ́ 28 oṣù Kẹsàn-án 1998. Àwa ní Lọ́ńdọ̀nù tún fi ọdún kan àti ọjọ́ díẹ̀ dúró. Ọdún 3 àti oṣù 7 lẹ́yìn Jàpáànù! Ọjọ́ 47 lẹ́yìn tí Red dé ọ̀dọ̀ wa, ní ọjọ́ 21 oṣù Kọkànlá 1999, àwọn ará Jàpáànù ti ń ra Gold àti Silver. Nígbà tí ẹ̀gbọ́n mi ń fi Charmander jẹ palaba ìyà lọ́wọ́ Brock, ọ̀gá àkọ́kọ́ tí a ń bá jà nínú Red, àwọn ọmọ Tokyo ti ń dúró kí ilẹ̀ ṣú kí wọ́n tó jáde lọ mú òwìwí.

Ti Gold àti Silver yẹn, àyè ló tún há mọ́ wọn lọ́wọ́. Satoru Iwata, tó jẹ́ olórí ilé iṣẹ́ géèmù HAL Laboratory nígbà náà, ló bá wọn ṣe irinṣẹ́ tó fún àwòrán mọ́ra. Ẹni tó bá parí Johto nínú Silver, á tún wọ ọkọ̀ ojú omi kọjá sí Kanto, ilẹ̀ inú Red, á sì bá a níbẹ̀. Mi ò tíì rí géèmù mìíràn tó ṣe irú oore bẹ́ẹ̀.

Ọjọ́ Ajé sí Ọjọ́rú: irinṣẹ́

Síkúrúù kásẹ́ẹ̀tì Game Boy kì í ṣe èyí tí síkúrúdíráfà ilé lè tú. Orí rẹ̀ yọ gọnbu síta, ihò sì ni irinṣẹ́ tó ń tú u ní. Nọ́ńbà rẹ̀ ni 3.8 mm. Ti Advance jẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta. Kò wọ́n. Àmọ́ nítorí ìwàǹwára, mo gbọ́ pé èèyàn lè fi iná yọ́ ìdí bíróò, kó tẹ̀ ẹ́ mọ́ síkúrúù, kó jẹ́ kó tutù, kó fi yí i. Mo ṣe é fún Silver. Ìdí bíróò já sínú ihò, ó kù síbẹ̀. Mo fi abẹ́rẹ́ (mo ti wá rí abẹ́rẹ́) họ ọ́ fún ogójì ìṣẹ́jú. Ẹ dúró de irinṣẹ́ yín.

Bátìrì: ẹ ra èyí tó ní etí irin méjì lára, tí wọ́n ti lẹ̀ mọ́ ọn láti ilé iṣẹ́. Bátìrì pẹlẹbẹ tí kò ní etí, bí ẹ bá fi soldering iron (irin gbígbóná tí a fi ń yọ́ òjé) kàn án ní tààrà, ó lè bú lójú yín. CR1616 ni mo rà fún Red àti Sapphire, CR2025 fún Silver. Kí ó má yà yín lẹ́nu bí ẹ bá ṣí Red tiyín tí ẹ bá CR2025 níbẹ̀. Bọ́ọ̀dù wọn yàtọ̀ síra. Ẹ kọ́kọ́ ṣí i kí ẹ tó ra.

Èyí tó ṣe pàtàkì jù ni ẹ̀rọ kékeré kan tí à ń ki kásẹ́ẹ̀tì bọ̀, tí wáyà USB so mọ́ kọ̀ǹpútà. Òun ló ń ka ìpamọ́ jáde, òun náà ló ń kọ ọ́ padà. Bí èèyàn bá yọ bátìrì Red láìkọ́kọ́ kà á, Charizard á bá bátìrì lọ.

Mo ka Red lẹ́ẹ̀kan. Mo tún un kà. Fáìlì méjèèjì kò bára wọn mu. Àyà mi já. Mo yọ ọ́, mo wo ẹnu rẹ̀ lábẹ́ iná: àwọn eyín bàbà yẹn ti dúdú bí ìdí ìkòkò. Gbogbo wa la máa ń fẹ́ atẹ́gùn sí i nígbà yẹn, ẹ rántí, fùù, fùù, a rò pé a ń ṣe é lóore. Itọ́ ni à ń tọ́ sí i, itọ́ sì ń jẹ bàbà. Mo ki òwú tí a fi ń nu etí bọ sípíríìtì, mo fi nù ún. Òwú àkọ́kọ́ dúdú, èkejì pọ́n ràkọ̀ràkọ̀, ẹ̀karùn-ún funfun. Mo kà á lẹ́ẹ̀mẹ́ta, mẹ́tẹ̀ẹ̀ta bára mu, byte 32,768 gééré. Bẹ́ẹ̀ ni, nọ́ńbà kan náà pẹ̀lú iye ìgbà tí kírísítà Silver ń gbọ̀n ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Kì í ṣe àràmàǹdà. 2 tí a fi ara rẹ̀ sọ di púpọ̀ títí dé ìgbà 15 ni. Síbẹ̀ ó dùn mọ́ mi nínú.

Mo fi ẹ̀dà fáìlì náà ránṣẹ́ sí ẹ̀gbọ́n mi. Ó ní kí ni òun fẹ́ fi ṣe. Mo ní kó ṣáà tọ́jú rẹ̀.

Ọjọ́bọ̀: Red

Kò gbà tó ìṣẹ́jú 20. Bọ́ọ̀dù náà mọ́ tónítóní, orúkọ Nintendo hàn ketekete lókè àwọn eyín bàbà. Mítà ní bátìrì náà ṣì ń fúnni ní 2.7 V lẹ́yìn gbogbo ọdún wọ̀nyí. 3 V ni tuntun. Mo fi òjé tuntun díẹ̀ kún òjé àtijọ́ lórí etí kìíní kó lè tètè yọ́, mo gbé etí náà sókè, mo ṣe ti èkejì. Mo wo àmì + àti − lórí bọ́ọ̀dù lẹ́ẹ̀mejì kí n tó jó tuntun mọ́ ọn. Mo kọ fáìlì padà, mo ki kásẹ́ẹ̀tì náà bọ SP: orúkọ tí wọ́n gé, báàjì 8, wákàtí 61. Mo ya fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́. Ẹ̀gbọ́n mi kò fèsì, ọkàn pupa mẹ́ta ló fi ránṣẹ́.

Ọjọ́ Ẹtì: Silver, ẹjọ́ mi

Mítà ní 0.3 V. Kò sí nǹkan láti kà jáde, nítorí náà n kò bẹ̀rù ohunkóhun, àìbẹ̀rù yẹn gan-an ló sì dá mi lẹ́jọ́. Etí ìhà − kọ̀, kò yọ́. Ìhà yẹn ló so mọ́ ilẹ̀ bàbà tó tẹ́ káàkiri bọ́ọ̀dù, gbogbo ooru tí mo ń fún un ló ń sá lọ síbẹ̀. Dípò kí n ní sùúrù kí n fi òjé kún un, mo fi ẹ̀mú fà á. Ó wá, òun àti bàbà tó jókòó lé. Ojú bọ́ọ̀dù ṣí sílẹ̀ bí ojú egbò.

Mo gbé irin kalẹ̀, mo lọ po tíì.

Oore tó wà nínú rẹ̀ ni pé ohun tó lé mi ló tún gbà mí. Bí ìhà − bá jẹ́ ilẹ̀ bàbà tó tẹ́ káàkiri, kò pọn dandan kó jẹ́ ojú ibẹ̀ yẹn ni mo máa jó o mọ́. Mo fi ẹnu abẹ rọra họ ọ̀dà aláwọ̀ ewé kúrò ní ẹ̀gbẹ́ ibẹ̀ títí bàbà fi dán, mo da òjé díẹ̀ sí i, mo ge wáyà tín-ín-rín tó gùn tó èékánná ìka láti inú okùn etígbọ́ tó ti bàjẹ́, mo fi so etí bátìrì pọ̀ mọ́ ọn. Kò dára lójú. Mítà ní 3.1 V dé ẹsẹ̀ RAM. Mo bẹ̀rẹ̀ géèmù tuntun, mo pa á mọ́, mo pa ẹ̀rọ, mo jẹun, mo padà: CONTINUE wà níbẹ̀. Mo pa ìpamọ́ tèmi rẹ́. Kì í ṣe èmi ló yẹ kó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀.

Sátidé kejì: Sapphire, àti FireRed tí n kò tú

Ruby àti Sapphire (Jàpáànù, ọjọ́ 21 oṣù Kọkànlá 2002, Yúróòpù, ọjọ́ 25 oṣù Keje 2003) ni wọ́n ti gba ìpamọ́ lọ́wọ́ bátìrì. Flash ló ń tọ́jú rẹ̀, flash kì í sì í gbàgbé bí kò bá tilẹ̀ sí iná. Aago nìkan ló kù fún bátìrì. Ìdí nìyẹn tí Sapphire fi lè sọ fún mi pé bátìrì òun ti gbẹ láìpàdánù ẹyọ Pokémon kan. Àwọn ìran yìí tún ni kò gbà kí ẹnikẹ́ni kó ẹran rẹ̀ wọlé láti inú Red tàbí Silver, ilẹ̀kùn tì. Inú bí ẹ̀gbọ́n mi nígbà yẹn débi pé ó fi Sapphire sílẹ̀ fún oṣù kan.

Bátìrì CR1616, jíjó rẹ̀ kò le. Ìkìlọ̀ náà kò jáde mọ́. Ṣùgbọ́n aago tuntun bẹ̀rẹ̀ láti ìbẹ̀rẹ̀, ìpamọ́ sì rántí ọjọ́ tó jìnnà sí iwájú, nítorí náà èso tí ẹ̀gbọ́n mi gbìn sílẹ̀ kò ní hù títí aago á fi lé ọjọ́ yẹn bá. Mo sọ fún un. Ó ní kí n jẹ́ kó wà bẹ́ẹ̀, kò sí ẹni tó ń kánjú.

Àìsàn mìíràn tún wà lára àwọn Ruby àti Sapphire tí wọ́n kọ́kọ́ tẹ̀: lẹ́yìn bí ọdún kan, aago á ṣì ìṣirò, èso á sì dẹ́kun híhù. Wọ́n fi oògùn rẹ̀ sínú FireRed, LeafGreen àti Emerald. Wáyà ni wọ́n fi ń fún un. Àṣé inú agolo kan náà ni aláìsàn àti oògùn ti jọ ń sùn láti ọdún 2004.

FireRed alára kò ní aago, kò sì ní bátìrì kankan. Red ni wọ́n tún kọ, pẹ̀lú àwọ̀ tó dán. N kò tú u. Kí ni mo fẹ́ wá níbẹ̀?

Mo fẹ́ kí agolo náà kún, mo bá ra Emerald olówó pọ́ọ́kú kan lórí íntánẹ́ẹ̀tì. Mo tàn án, ó ní 1M sub-circuit board kò sí nínú òun, ìyẹn ni pé kò rí flash 128 KB tó yẹ kó wà níbẹ̀. Mo ṣí i. Kò sí orúkọ Nintendo lórí bọ́ọ̀dù, kò sí bátìrì, èèpo rẹ̀ kò tilẹ̀ jẹ́ kí iná kọjá, bẹ́ẹ̀ sì rèé Emerald tòótọ́ máa ń jẹ́ kí a rí inú rẹ̀ bí ìgò ọtí. Ayédèrú. Owó mi ti lọ.

Láti Diamond àti Pearl (2006) síwájú, inú Nintendo DS fúnra rẹ̀ ni aago wà, kò sì sí iṣẹ́ fún irú mi mọ́. Ìdúró náà sì kúrú sí i títí X àti Y fi jáde ní gbogbo ayé ní ọjọ́ kan ṣoṣo, ọjọ́ 12 oṣù Kẹwàá 2013. Wọ́n tilẹ̀ ta Red lórí ṣọ́ọ̀bù 3DS láti ọjọ́ 27 oṣù Kejì 2016, ọjọ́ tó pé ogún ọdún gééré, láìsí bátìrì, láìsí síkúrúù. Wọ́n ti ṣọ́ọ̀bù náà pa ní ọjọ́ 27 oṣù Kẹta 2023. Kásẹ́ẹ̀tì inú agolo kò gbọ́.

Sátidé kẹta

Ẹ̀gbọ́n mi wá láti Manchester. Kò tíì bọ́ kóòtù tó ti ní kí n gbé Silver wá. A jókòó sórí àga gígùn Màmá, èmi ní ẹ̀yìn èjìká rẹ̀ bí ti àtijọ́. Géèmù ní kí ó sọ aago tó lù fún òun. Ó wo fóònù rẹ̀: 9:40 alẹ́. Ó tẹ̀ ẹ́ síbẹ̀. Ó tún gé orúkọ rẹ̀ sí 7. Ó mú Cyndaquil, ó jáde sí Route 29 nínú òkùnkùn, ó wọ inú koríko, ojú ẹ̀rọ sì ṣẹ́jú.

Hoothoot ni.

Màmá yọjú láti kíṣìnì. "Ẹyẹ wo nìyẹn?"

"Òwìwí ni, Màmá."

"Òwìwí! Lóru yìí? Nínú ilé mi?"

"Màmá, Pokémon ni. Mímú la fẹ́ mú un, àmọ́ wọn ò tíì fún wa ní ohun tí a ó fi mú un."

"Kí lẹ wá ń dúró ṣe níwájú rẹ̀?"

Ẹ̀gbọ́n mi wò mí. Mo wo ilẹ̀. Ó tẹ RUN.